Àsè Ló Jí Ọkọ̀ Náà Gbé: Ìbéèrè àti Ìdáhùn Lórí Iṣẹ́ Abẹ́lẹ̀ Fernando Po, 1942

Ní alẹ́ ọjọ́ Ẹtì kan tí kò sí bọ́ọ̀lù, mo gbé fíìmù ogun kan sórí tẹlifíṣọ̀n ńlá tó wà níbi tí a ti ń wo bọ́ọ̀lù ládùúgbò wa ní Ìjẹ̀bú-Òde. Fíìmù tó jáde ní 2024 ni, The Ministry of Ungentlemanly Warfare, èyí tí àwọn Gẹ̀ẹ́sì péréte kan ti lọ jí ọkọ̀ ojú omi gbé ní erékùṣù kan. Ìbọn ń ró, àwọn Jámánì ń já bọ́ bí àgbálùmọ̀ tó pọ́n. Ìyá olójòjò tó máa ń jókòó sẹ́nu ọ̀nà wa ló kọ́kọ́ bi mí pé, "Bọ̀ọ̀dá, ṣé èyí ṣẹlẹ̀ ni, àbí irọ́ wọn náà ni?" Láti ọjọ́ yẹn, ìbéèrè ò dáwọ́ dúró. Wọ́n bi mí lọ́jà Òkè-Ajé, wọ́n bi mí lórí WhatsApp, bàbá kan tiẹ̀ dá ọ̀kadà dúró lójú títì nítorí ẹ̀. Ohun tí mo ti ń dá wọn lóhùn lọ́kọ̀ọ̀kan ni mo kó jọ síbí.

Ṣé òótọ́ ni ìtàn náà?

Òótọ́ ni. Ìbọn inú rẹ̀ ni kì í ṣe òótọ́. Lálẹ́ ọjọ́ 14 oṣù Kìíní ọdún 1942, lásìkò tí àwọn bàbá wa ń pè ní ogun Hítílà, àwọn kọmándò Gẹ̀ẹ́sì wọ èbúté Santa Isabel ní erékùṣù Fernando Po, wọ́n sì fa ọkọ̀ mẹ́ta jáde níbẹ̀. Èyí tó tóbi jù ni Duchessa d'Aosta, ọkọ̀ akẹ́rù àwọn ará Ítálì. Ìkejì ni Likomba, ọkọ̀ Jámánì alágbára tí wọ́n fi ń fa ọkọ̀ mìíràn. Bibundi ni ìkẹta, kékeré ni, wọ́n so ó mọ́ Likomba. Postmaster ni orúkọ àṣírí tí wọ́n fún iṣẹ́ náà.

Èkó ni wọ́n ti gbéra. Èkó náà ni wọ́n kó ọkọ̀ tí wọ́n jí padà wá. Ẹni tó bá ń rò pé ìtàn òkèèrè lèyí, kó tún un rò.

Fernando Po, níbo nìyẹn?

Bioko ni wọ́n ń pè é lónìí, ó wà lójú òkun níwájú Calabar àti Cameroon. Santa Isabel ti di Malabo, nílẹ̀ Equatorial Guinea. Láti Èkó débẹ̀ lé ní 600 kìlómítà. Àwọn ọmọ Nàìjíríà tó lọ ṣe lébìrà nínú oko kòkó ibẹ̀ pọ̀ láyé ọjọ́un, pàápàá láti ìhà Ìgbò àti Ìbíbíò, Panya ni wọ́n sì máa ń pe ibẹ̀, nítorí àwọn ará Sípéènì tó ń ṣàkóso rẹ̀.

Sípéènì kò bá ẹnikẹ́ni jà nígbà yẹn. Ṣé kì í ṣe olè ni àwọn Gẹ̀ẹ́sì wá jà ni?

Ìbéèrè gidi rèé, mi ò sì ní fi ọ̀rọ̀ dídùn bò ó mọ́lẹ̀. Bẹ́ẹ̀ ni, olè ni. Sípéènì kò gbè sẹ́yìn ẹnikẹ́ni lójú ayé, àmọ́ Franco tó jẹ́ olórí wọn, ọ̀rẹ́ Hítílà ni. Nígbà tí Ítálì kó sí ogun ní oṣù Kẹfà 1940, Duchessa d'Aosta fara pa mọ́ sí èbúté Sípéènì, ó sì jókòó síbẹ̀. Rédíò tó fi ń ránṣẹ́ ṣì ń ṣiṣẹ́ nínú rẹ̀. Ìyẹn gan-an ló ń ba àwọn Gẹ̀ẹ́sì lẹ́rù: bí ọkọ̀ wọn bá ń kọjá létí òkun wa, ta ni kò ní máa ka iye rẹ̀ ránṣẹ́ sí ọ̀tá?

Wọn ò lè gbé ọkọ̀ ogun lọ ní gbangba. Bí Franco bá bínú tó bọ́ sẹ́yìn Hítílà, Gibraltar, ibùdó ogun Gẹ̀ẹ́sì tó wà lẹ́nu ilẹ̀ Sípéènì, á bọ́ mọ́ wọn lọ́wọ́. Nítorí náà, wọ́n ní láti ṣe é bí ẹni pé kì í ṣe àwọn. Ohun tó mú iṣẹ́ náà le nìyẹn. Ọkọ̀ kò ṣòro jí, kí wọ́n má mọ ẹni tó jí i ni iṣẹ́.

Àwọn wo ló ṣe é?

Àwọn ọmọ iṣẹ́ SOE, ẹ̀ka iṣẹ́ abẹ́lẹ̀ tí ìjọba Gẹ̀ẹ́sì dá sílẹ̀ ní 1940. Olórí wọn ni Gus March-Phillipps, Geoffrey Appleyard sì ni igbákejì rẹ̀. Graham Hayes wà níbẹ̀, àti Anders Lassen, ọmọ Denmark kan tó gbọ́n nínú ọfà títa débi pé ó ní kí ìjọba Gẹ̀ẹ́sì jẹ́ kí òun fi ọfà jagun. Ọfà tí ẹ rí lọ́wọ́ rẹ̀ nínú fíìmù kì í ṣe àsọdùn pátápátá.

Ọkọ̀ apẹja onígi tó ń jẹ́ Maid Honor ni wọ́n gbé láti ìlú Poole ní oṣù Kẹjọ 1941. Afẹ́fẹ́ ló ń gbé e. Wọ́n dé Freetown ní oṣù Kẹsàn-án. Ẹni tó bá rí wọn lójú omi á rò pé ẹja ni wọ́n ń wá.

Kí ni iṣẹ́ Èkó nínú rẹ̀?

Ó pọ̀. Èkó ni àwọn SOE fi ṣe ibùjókòó. Ọ̀kan nínú wọn, Leonard Guise, máa ń gbé ìwé ìjọba lọ sí Fernando Po, á gbé ìwé ìjọba bọ̀, ojú rẹ̀ á sì máa ka ohun tó wà ní èbúté. Nígbà tí ọ̀rọ̀ dójú ẹ̀, Giffard tó jẹ́ ọ̀gá àgbà ọmọ ogun Gẹ̀ẹ́sì ní Ìwọ̀ Oòrùn Áfíríkà kọ̀, ó ní òun ò ní fún wọn ní ọmọ ogun kankan. Ẹni tó gbà wọ́n ni gómìnà Nàìjíríà, Bernard Bourdillon. Ó yá wọn ní ọkọ̀ méjì tí ń fa ọkọ̀ ní èbúté Èkó, Vulcan àti Nuneaton. Ó sì jẹ́ kí wọ́n ṣa àwọn òyìnbó ìjọba tó bá fẹ́ yọ̀ǹda ara wọn. Mẹ́tàdínlógún ni wọ́n rí. Ẹ wo ọ̀rọ̀ náà dáadáa: òṣìṣẹ́ ọ́fíìsì tó ń fi pẹ́ńsùlù ṣiṣẹ́ ní Mọ́ńdè, kó di jàǹdùkú ojú omi kó tó di Sátidé.

Ọjọ́ 11 oṣù Kìíní ni wọ́n kúrò l'Èkó. Ohun tó máa ń yà mí lẹ́nu ni pé ọ̀rọ̀ náà kò tú. Àwọn Ìjẹ̀bú tó ń ṣòwò ní Èkó nígbà yẹn kò kéré, ojú wọn sì mọ ohun tó ń wọlé àti ohun tó ń jáde ní etí omi. Ọkọ̀ méjì tó ń fa ọkọ̀ kúrò ní èbúté, tí kò sì sí ọkọ̀ kankan tí wọ́n ń fà! Ìyá mi ì bá ti béèrè.

Báwo ni wọ́n ṣe mú àwọn ọ̀gá ọkọ̀ kúrò nínú ọkọ̀?

Ẹ fara balẹ̀ síbí, nítorí ibí ni gbogbo rẹ̀ wà. Fíìmù fi ìṣẹ́jú díẹ̀ ṣe é, àmọ́ lójú tèmi, ìyókù kò tó ìdajì rẹ̀.

Amí kan wà lórí erékùṣù náà, Richard Lippett. Ilé-iṣẹ́ John Holt ló fi bojú, John Holt tí gbogbo wa mọ̀ yìí. Lójú gbogbo ayé, oníṣòwò ni. Iṣẹ́ rẹ̀ kò ju kó mọ ènìyàn lọ: ta ni ọ̀gá ọkọ̀, ta ló fẹ́ràn ọtí, ta ni ilé ń sọ, ta ni kò rí owó oṣù rẹ̀ gbà dáadáa. Ẹ rò ó wò, àwọn atukọ̀ tó ti há sí èbúté kan náà fún ọdún kan àtààbọ̀. Kò síṣẹ́, kò sí ibi tí wọ́n ń lọ. Àríyá nìkan ló kù wọ́n kù. Wọ́n tiẹ̀ ṣe àríyá nínú Duchessa fúnra rẹ̀ ní oṣù Kìíní yẹn, ibẹ̀ sì ni àwọn Gẹ̀ẹ́sì ti rí i gbọ́ bí wọ́n ṣe ń ṣọ́ ọkọ̀ àti iye ènìyàn tó ń sùn nínú rẹ̀.

Lippett wá mú ọjọ́ 14. Wọ́n pe àwọn ọ̀gá ọkọ̀ sí àsè alẹ́ ní ilé oúnjẹ Casino tó wà nínú ìlú. Kì í ṣe Gẹ̀ẹ́sì ló fara hàn bí ẹni tó pè wọ́n, ọmọ Sípéènì kan tí kò fẹ́ràn Franco ni. Àwọn ọ̀gá Ítálì méjìlá ló wá, àti Jámánì méjì láti inú Likomba. Ọtí ń ṣàn, ẹran wà lórí tábìlì, orin ń lọ.

Nígbà tó dé ibi tí wọ́n ti jókòó yí tábìlì ká yìí, ìyá olójòjò gbé àwo rẹ̀ sílẹ̀, ó ní, "Àwọn wọ̀nyí ò ní bá ọkọ̀ wọn mọ́." Fíìmù ò tí ì dé ìdajì! Mo bi í pé báwo lẹ ṣe mọ̀? Ó ní ẹni tó bá ti lọ òde ìnáwó l'Ìjẹ̀bú rí mọ̀ pé ìgbà tí oúnjẹ bá dé ni olè máa ń wọlé.

Wọ́n tún yan òru tí kò sí òṣùpá. Èyí tí mo fẹ́ràn jù ni ti iná. Wọ́n máa ń paná mànàmáná ìlú Santa Isabel lálẹ́, àwọn kọmándò sì dúró lójú omi títí iná fi lọ. Ohun tí à ń tìtorí ẹ̀ ṣépè fún àwọn oníná lójoojúmọ́, òun ló bá wọn ṣíṣẹ́.

Kí ló ṣẹlẹ̀ nígbà tí wọ́n dé ibi tí ọkọ̀ wà?

Ó kọjá wuuru. Vulcan sún mọ́ Duchessa, Nuneaton lọ bá Likomba. Wọ́n fò sórí ọkọ̀, wọ́n kó àwọn tó wà nínú rẹ̀ nígbèkùn, wọ́n sì de bọ́ǹbù mọ́ ẹ̀wọ̀n ìdákọ̀ró. Ìdákọ̀ró ọkọ̀ ńlá kì í ṣe ohun tí èèyàn fi ọwọ́ fà, ẹ̀wọ̀n rẹ̀ nípọn ju apá ènìyàn lọ, àfi kí wọ́n fọ́n ọn ká. Bọ́ǹbù dún gbùà. Àwọn ará ìlú rò pé ọkọ̀ òfurufú ló wá ju bọ́ǹbù, àwọn sójà Sípéènì bá kọjú ìbọn sókè, wọ́n ń yìn ín sí ojú ọ̀run tó ṣófo. Ní nǹkan bí ọgbọ̀n ìṣẹ́jú, ọkọ̀ mẹ́tẹ̀ẹ̀ta ti wà lẹ́nu òkun.

Èèyàn mélòó ló kú?

Kò sí.

Kí ni àwọn Gẹ̀ẹ́sì sọ lẹ́yìn náà?

Wọ́n purọ́, wọ́n sì purọ́ náà pẹ̀lú ìwà ọmọlúàbí. Ètò wọn ni pé ọkọ̀ ogun Gẹ̀ẹ́sì kan, HMS Violet, á "ṣèèṣì" pàdé àwọn ọkọ̀ náà lójú òkun, á sì mú wọn wọ Èkó bí ohun tí wọ́n rí he. Ọgbọ́n náà fẹ́ bàjẹ́: Violet fara gbá ilẹ̀ ó sì há, ẹ́ńjìnnì Vulcan náà ń yọ wọ́n lẹ́nu. Wọ́n gúnlẹ̀ sí Èkó ṣáá. Jámánì pariwo lórí rédíò, minísítà ọ̀rọ̀ òkèèrè Sípéènì, Serrano Súñer, pe ọ̀rọ̀ náà ní ìwà olè ojú omi tí kò ṣeé fara mọ́. Àwọn Gẹ̀ẹ́sì dá wọn lóhùn pé ọkọ̀ wọn kankan kò sún mọ́ Fernando Po. Franco sì jókòó jẹ́ẹ́ síbi tó wà.

Èrè wo ló wà nínú rẹ̀?

Ọmọ Ìjẹ̀bú kan ò ní ṣàìbéèrè èyí. Ẹrù Duchessa kì í ṣe kékeré: irun àgùntàn, awọ ẹran, àgbọn gbígbẹ tí wọ́n fi ń fún òróró, asbestos, àti bàbà tí wọ́n dà ní ègé ègé, tó lé ní mílíọ̀nù kan ègé. Bàbà nígbà ogun! Nǹkan tí wọ́n fi ń ṣe ìkarahun ọta ìbọn. Àwọn Gẹ̀ẹ́sì tún gba ọkọ̀ náà fúnra rẹ̀ lò, wọ́n sọ ọ́ ní Empire Yukon.

Ṣé fíìmù náà wá burú ni?

Rárá o, mo gbádùn rẹ̀, màá sì tún un gbé síta. Àmọ́ kẹ́ ẹ mọ ohun tí ẹ ń wò. Nínú fíìmù, ọkọ̀ náà ni wọ́n fi ń gbé nǹkan lọ fún àwọn ọkọ̀ abẹ́ omi Jámánì, kò rí bẹ́ẹ̀. Obìnrin arẹwà tó ń yìnbọn, Marjorie Stewart, ẹ̀dá gidi ni, òṣèré ni, ìyàwó March-Phillipps ló sì jẹ́ láti 1942, ṣùgbọ́n kò dé Fernando Po. Tọ́kì ni wọ́n ti yàwòrán rẹ̀. Tiwa nínú rẹ̀ ni Babs Olusanmokun, tí wọ́n bí l'Èkó, òun ló ṣe Heron. Nígbà tí orúkọ rẹ̀ yọ lójú tẹlifíṣọ̀n, àwọn ọmọ hó gèè bí ẹni pé Súpà Ígúùsì gbá bọ́ọ̀lù wọlé.

Ẹni tó ń bi mí bóyá ọmọ kékeré lè wò ó: ẹ jẹ́ kí wọ́n lọ sùn.

Ṣé ọmọ wa kankan tiẹ̀ ja irú ogun ẹ̀yìn ọ̀tá bẹ́ẹ̀?

Wọ́n jà á, wọ́n sì jà á ju ti Fernando Po lọ. Mo fẹ́ kí ẹ mọ èyí ju ti àwọn òyìnbó olè wa lọ.

Ní 1944, àwọn bàtálíọ̀nù 6, 7 àti 12 ti Nàìjíríà wà lára àwọn Chindit, ẹgbẹ́ ọmọ ogun tó ń jà lẹ́yìn ọ̀tá, tí Wingate, ọ̀gágun Gẹ̀ẹ́sì kan, kó wọ Bọ́mà láti bá àwọn ará Jàpáànì jà. Wọn ò gba iwájú wọlé o. Ọkọ̀ òfurufú ló gbé wọn kọjá orí ọ̀tá, ó sì sọ̀ wọ́n kalẹ̀ sínú igbó lẹ́yìn wọn. Iṣẹ́ wọn ni kí wọ́n dí ojú ọ̀nà rélùwéè tí Jàpáànì fi ń kó oúnjẹ àti ọta. Ibi kan tí wọ́n dì mú ni wọ́n ń pè ní Ìlú Funfun, White City, nítorí pé parashúùtù funfun tí wọ́n fi ń ju oúnjẹ sílẹ̀ há sórí igi káàkiri, bí aṣọ tí wọ́n sá. Alẹ́ ni àwọn Jàpáànì máa ń wá gbéjà ko wọ́n, pẹ̀lú ariwo. Àwọn ọmọ Nàìjíríà wà nínú kòtò, òjò ń rọ̀, wọn ò sì fi ibẹ̀ sílẹ̀. Wingate fúnra rẹ̀ kú nínú ìjàm̀bá ọkọ̀ òfurufú ní oṣù Kẹta 1944, ogun náà ò tó bẹ̀rẹ̀ dáadáa.

Yàtọ̀ sí wọn, àwọn ọmọ wa mìíràn wà nínú dífíṣọ̀n 81 àti 82 ti Ìwọ̀ Oòrùn Áfíríkà. Igbó àfonífojì Kaladan ní Bọ́mà tí dífíṣọ̀n 81 gbà kọjá kò sí ọ̀nà ọkọ̀ níbẹ̀, orí ni wọ́n fi ru ẹrù. Àmì tí dífíṣọ̀n 82 máa ń gán mọ́ apá aṣọ ni ọ̀kọ̀ méjì tó gba inú òṣùká kọjá. Òṣùká! Èyí tí ìyá olójòjò fi ru àwo rẹ̀ wá síbi bọ́ọ̀lù wa yìí náà ni. Mo fi àwòrán àmì yẹn hàn án lórí fóònù mi, ó wò ó títí, ó ní, "Àwọn náà ru ẹrù." Kò sọ nǹkan mìíràn.

Nígbà tí gbogbo èyí ń lọ, báwo ni nǹkan ṣe rí nílẹ̀ Ìjẹ̀bú?

Awùjalẹ̀ Gbélégbùwà Kejì ló wà lórí ìtẹ́. Ogun ò dé ibí, ọ̀wọ́n ọjà ló dé. Iyọ̀ wọ́n. Ìjọba yan òyìnbó kan tó ń jẹ́ Pullen láti máa so iye owó oúnjẹ mọ́lẹ̀ l'Èkó, títí kan gààrí, àwọn ìyá ọlọ́jà sì bá a fà á gidi lábẹ́ Àlímọ́tù Pẹlẹ́wùrà. Ẹ lè fojú inú wo bí ó ṣe máa rí lára ẹni tó ń ta gààrí kí wọ́n máa dá owó lé ọjà rẹ̀.

Ṣé irú nǹkan bẹ́ẹ̀ lè ṣẹlẹ̀ sí Ìjẹ̀bú àtijọ́, kí amí wọlé kó se àsè?

Àgbà kan ló bi mí ní èyí, ẹ̀rín sì ni mo kọ́kọ́ rín. Ẹ ṣáà mọ ohun tí wọ́n ń sọ nípa wa: Ìjẹ̀bú-Òde, ìlú tí àjèjì kì í wọ̀, bí àjèjì bá wọ̀ ọ́ láàárọ̀, wọn a fi ṣẹbọ lálẹ́. Lippett ò ní rí ibi gbé tábìlì sí. Nígbà tí àwọn Gẹ̀ẹ́sì kan náà wá bá wa ní 1892, láyé Awùjalẹ̀ Túnwàṣe, nítorí ojú ọ̀nà òwò tí a dí mọ́ wọn, wọn ò gba ẹ̀yìnkùlé wọlé. Èpẹ́ ni wọ́n ti gòkè ní gbangba, a sì mọ̀ pé wọ́n ń bọ̀. Odò Yemọjí la ti dúró dè wọ́n ní ọjọ́ 19 oṣù Karùn-ún. Ìbọn Maxim ló ṣẹ́gun wa ní Ìmàgbọn, kì í ṣe ọtí. Lọ́jọ́ kejì ni wọ́n wọ Ìjẹ̀bú-Òde.

Èsì tí bàbá náà fún mi ni pé, "Ìgbà yẹn nìyẹn. Tí wọ́n bá pè wá sí òde lónìí ńkọ́, ta ló máa kù nílé?" Mi ò lè dá a lóhùn. Wọ́n ti ń ya aṣọ fún Ojúde Ọba nígbà yẹn.

Kí ló gbẹ̀yìn àwọn kọmándò náà?

Wọn ò pẹ́. Wọ́n pa March-Phillipps ní etíkun Faransé ní oṣù Kẹsàn-án ọdún 1942 kan náà. Hayes bọ́ sọ́wọ́ àwọn Jámánì lẹ́yìn ìkọlù yẹn, wọ́n sì pa á ní oṣù Keje 1943, nínú oṣù kan náà tí ọkọ̀ òfurufú tí Appleyard wà nínú rẹ̀ kò padà wálé. Lassen kú ní Comacchio, Ítálì, ní oṣù Kẹrin 1945, ogun ku oṣù kan kó parí. Wọ́n fún un ní Victoria Cross, àmì ẹ̀yẹ akọni tó ga jù lọ́dọ̀ àwọn Gẹ̀ẹ́sì, lẹ́yìn ikú rẹ̀.

Ta ló sanwó àsè náà?

Ìbéèrè tí wọ́n bi mí jù nìyí, mo sì mọ ìlú tí mo wà. Owó ìjọba Gẹ̀ẹ́sì ni, ọwọ́ Lippett ló gbà kọjá. Àwọn ọ̀gá ọkọ̀ tí wọ́n pè sí àsè ṣì wà nínú ìlú nígbà tí bọ́ǹbù dún. Ọ̀gá ọkọ̀ Likomba, Jámánì kan tó ń jẹ́ Specht, sáré bọ́ sílẹ̀ wá sí etí omi, ibi tí ọkọ̀ rẹ̀ máa ń wà ti di omi lásán. Pẹ̀lú ọtí lójú, ó gba ilé aṣojú ìjọba Gẹ̀ẹ́sì lọ ní ọ̀gànjọ́ òru, ó já wọlé, ó ń lọgun pé, "Ọkọ̀ mi dà?" Wọ́n lù ú nínú ilé yẹn kí wọ́n tó tì í síta.